Kọ́bílà Èso: Oúnjẹ Ẹni Tí Kò Ní Ààrò

Láti oṣù kẹta títí dé oṣù kẹfà ọdún, máńgòrò a máa pọ̀ ní ilẹ̀ wa tó bẹ́ẹ̀ tí ewúrẹ́ pàápàá a máa ṣàyàn nínú rẹ̀. Ẹni tí ó rà á ní apẹ̀rẹ̀ kan kò ní lè tà á tán kí ó tó rọ̀. Ẹni tí igi rẹ̀ wà ní àgbàlá a máa gbá a jọ li òwúrọ̀ bí ẹni gbá ewé, a sì dà á sí ààtàn. Kí oṣù keje tó pé, máńgòrò a di ọ̀wọ́n, àwọn ọmọ tí wọ́n ń fi ẹsẹ̀ gbá a kiri a sì máa sunkún rẹ̀.

Ẹ̀yin àgbẹ̀ àti ẹ̀yin ìyá ilé, ohun tí à ń dà sí ààtàn yìí, oúnjẹ ni, owó ni, ìlera ọmọ sì ni. Ẹ̀kọ́ tí a fẹ́ kọ́ lórí ewé yìí ni bí ẹni tí kò ní ààrò búrẹ́dì, tí kò sì ní owó púpọ̀, ti lè fi ìkòkò kan, èédú díẹ̀, àti ife ìyẹ̀fun kan àti ààbọ̀ gba èso náà là, kí ó sì fi bọ́ ènìyàn 6 yó. Orúkọ oúnjẹ náà ni kọ́bílà.

IBI TÍ OÚNJẸ YÌÍ TI WÁ

Kọ́bílà jẹ́ oúnjẹ àwọn ará Amẹ́ríkà. Èso tí a fi ṣúgà díẹ̀ sè ni ó wà nísàlẹ̀. Lórí rẹ̀ ni a fi ṣíbí da ìyẹ̀fun tí a ti pò mọ́ bọ́tà àti wàrà sí, ní òkìtì kéékèèké. Nígbà tí iná bá mú un tán, ojú rẹ̀ a pọ́n, a sì rí gbágungbàgun bí òkúta tí a tò sí ojú ọ̀nà.

Àwọn Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n kọ́kọ́ lọ tẹ̀dó sí Amẹ́ríkà ti mọ irú oúnjẹ tí a ń fi ìyẹ̀fun bo èso láti ìlú wọn wá. Ṣùgbọ́n ní ilẹ̀ tuntun tí wọ́n dé, ohun èlò kò pé, ààrò kò sì sí ní ilé púpọ̀. Ìkòkò irin tí ó ní ìdérí ni ó wà lọ́wọ́ wọn. Wọ́n kó ẹyín iná sí abẹ́ rẹ̀, wọ́n kó òmíràn lé ìdérí rẹ̀, ìkòkò náà sì di ààrò. Bẹ́ẹ̀ li àìní bí ọgbọ́n.

Ní àwọn ìpínlẹ̀ ìhà gúúsù ilẹ̀ náà, níbi tí kọ́bílà ti gbilẹ̀ gidigidi, ọ̀pọ̀ ilé ọlọ́rọ̀ ni ó jẹ́ pé obìnrin adúláwọ̀ tí a fi ṣe ẹrú ni ó ń dáná níbẹ̀. Ọ̀kan nínú irú àwọn obìnrin bẹ́ẹ̀ ni Abby Fisher, tí a bí sí oko ẹrú ní South Carolina. Kò mọ ìwé kà, kò sì mọ̀ ọ́n kọ. Síbẹ̀, lẹ́yìn tí oko ẹrú ti parí, àwọn ẹlòmíràn kọ ìmọ̀ ìdáná rẹ̀ sílẹ̀ láti ẹnu rẹ̀, a sì tẹ̀ ẹ́ ní ìwé ní ìlú San Francisco li ọdún 1881. Kí ẹ̀yin tí ẹ mọ̀wé kíyèsí èyí: bí ìyá yín bá mọ oúnjẹ kan sè tí kò sí nínú ìwé kankan, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ nígbà tí ó ṣì wà láàyè.

Èso tí àwọn ará ibẹ̀ fẹ́ràn jù láti fi ṣe kọ́bílà ni píìṣì. Igi píìṣì ń fẹ́ òtútù kí ó tó lè so dáadáa, nítorí náà kò bá ooru Èkó mu. Ṣùgbọ́n máńgòrò sún mọ́ ọn li àwọ̀, ó sún mọ́ ọn ní omi inú, ó sì wà ní ẹ̀yìnkùlé wa.

BÍ Ó TI BÁ ILẸ̀ WA MU

Ẹni tí ó bá rin Opebi já lónìí, ilé gíga, ilé ìfowópamọ́ àti ọ̀wọ́ ọkọ̀ ni yóò rí. Kò ní rọrùn fún un láti gbà pé ilẹ̀ oko àti abúlé Àwórì ni gbogbo àgbègbè Ìkẹjà yìí rí. Li ọdún 1901, ọkọ̀ ojú irin tí ó ti Èkó wá dé Ìbàdàn, ó sì gba Agége kọjá. Àwọn àgbẹ̀ olóye bíi Jacob Kehinde Coker, ẹni tí ìjọ African Church kò lè gbàgbé, gbin kòkó àti obì káàkiri ìhà Agége, wọ́n sì dá Ẹgbẹ́ Àwọn Àgbẹ̀ Agége sílẹ̀ li ọdún 1907. Àwọn alágbàṣe tí wọ́n wá ṣiṣẹ́ ní oko wọn kọ́ bí a ti ń gbin kòkó, wọ́n sì mú ìmọ̀ náà padà sí ìlú wọn.

Lẹ́yìn náà li àwọn ilé-iṣẹ́ ńláńlá dé sí Ìkẹjà. A dá Ìpínlẹ̀ Èkó sílẹ̀ li ọdún 1967, Ìkẹjà sì di olú-ìlú rẹ̀ li ọdún 1976. Oko lọ, ilé dé. Síbẹ̀ igi máńgòrò àti igi ìbẹ́pẹ ṣì kù ní àgbàlá púpọ̀, èso tí kò sì sí ní àgbàlá wà ní ọjà Ìpodò àti ní ọjà Mile 12, níbi tí ọkọ̀ akẹ́rù ti ń já a lójoojúmọ́. Ibi tí èso ti pọ̀ tó báyìí, ibẹ̀ náà li àdánù rẹ̀ ti pọ̀.

Ìyẹ̀fun àlìkámà, tí à ń pè ní fúláwà, kì í ṣe àjèjì ní àgbègbè yìí. Ta ni kò mọ búrẹ́dì Agége? Amos Shackleford, ọmọ Jàmáíkà tí ó wá ṣiṣẹ́ ọkọ̀ ojú irin ní ilẹ̀ wa li ọdún 1913, dá ilé búrẹ́dì sílẹ̀ ní Èkó li ọdún 1921, ó sì di ọ̀kan nínú àwọn tí wọ́n sọ búrẹ́dì di oúnjẹ gbogbo ènìyàn. Ṣùgbọ́n búrẹ́dì ń fẹ́ ìwúkàrà, ó ń fẹ́ ẹ̀rọ tí a fi ń pò ó, ó ń fẹ́ ààrò ńlá, ó sì ń fẹ́ ọ̀pọ̀ wákàtí. Kọ́bílà kò fẹ́ ọ̀kankan nínú wọn. Nítorí náà ni a fi wí pé oúnjẹ ẹni tí kò ní ààrò ni.

YÍYAN ÈSO

Kí ìyá ilé tó dá iná, kí ó kọ́kọ́ pín èso rẹ̀ sí ọ̀nà 3.

Ọ̀nà kìíní ni èso tí ó pọ́n, tí ara rẹ̀ sì le dáadáa. Èyí ni kí a tà, tàbí kí a jẹ ní tútù. Ẹ má ṣe fi í sínú ìkòkò bí ẹlòmíràn bá wà.

Ọ̀nà kejì ni èso tí ó ti rọ̀ jù fún ọjà, tàbí tí ó fi ara pa nígbà tí ó já láti orí igi, ṣùgbọ́n tí òórùn rẹ̀ ṣì dùn. Èyí ni ti kọ́bílà. Ẹ gé ibi tí ó dúdú kúrò, kí ẹ sì lo ìyókù ní ọjọ́ náà gan-an. Bí ó bá di ọ̀la, ó lè ti kọjá.

Ọ̀nà kẹta ni èso tí ó ti hu èbu, tí ó ní ìdin, tàbí tí ó ń rùn bí ọtí. Iná kò lè sọ èyí di rere. Bí èbu bá ti hàn lójú èso rírọ̀, gbòǹgbò rẹ̀ ti wọ inú lọ ju ibi tí ojú rí, oró tí àwọn èbu mìíràn ń pèsè kì í sì í kú nínú ìkòkò. Ẹ jù ú nù. Ìyá tí ó ń ṣọ́ owó kò gbọdọ̀ fi inú rírun ọmọ rẹ̀ ṣọ́ ọ.

Ẹ ṣọ́ra pẹ̀lú fún èso tí a fi kábáìdì mú pọ́n. Awọ rẹ̀ a pọ́n bákan náà yíká, ṣùgbọ́n inú rẹ̀ a le, kì í sì í dùn. Kábáìdì tí a ń tà ní ọjà lè ní oró arsenic nínú, àjọ NAFDAC sì ti kìlọ̀ gidigidi lórí rẹ̀. Ẹni tí ó bá fẹ́ kí máńgòrò rẹ̀ tètè pọ́n, kí ó kó o sínú àpò tàbí apẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí ó ti pọ́n. Afẹ́fẹ́ tí ó ń ti ara ọ̀gẹ̀dẹ̀ náà jáde yóò mú un pọ́n láìní ewu.

Máńgòrò nìkan kọ́ li ó dára fún iṣẹ́ yìí. Nígbà tí àkókò rẹ̀ bá kọjá, ẹ lè fi ọ̀pẹ̀ òyìnbó, ìbẹ́pẹ, gúáfà tàbí ọ̀gẹ̀dẹ̀ wẹ́wẹ́ ṣe é. Ìbẹ́pẹ àti ọ̀gẹ̀dẹ̀ kò kan rárá, nítorí náà ẹ fi omi ọsàn wẹ́wẹ́ kún wọn ju bí a ti wí nísàlẹ̀ lọ.

OHUN ÈLÒ FÚN ÈNÌYÀN 6

Ife kan náà ni kí a fi wọn ohun gbogbo, ṣíbí náà kò sì gbọdọ̀ ju ẹnu rẹ̀ lọ.

Fún ìsàlẹ̀: èso tí a ti gé, ife 4 (máńgòrò ife 3 àti ọ̀pẹ̀ òyìnbó ife 1 dára púpọ̀), ṣúgà, ṣíbí ìjẹun 3, omi ọsàn wẹ́wẹ́ 1, atalẹ̀ tí a rìn, ṣíbí tíì 1, omi, ìdá mẹ́rin ife, ìyẹ̀fun, ṣíbí ìjẹun 1, iyọ̀, ìwọ̀nba tí ìka méjì lè mú.

Fún òkè: ìyẹ̀fun, ife 1 àti ààbọ̀, bẹ́kìn páúdà, ṣíbí tíì 2, ṣúgà, ṣíbí ìjẹun 2, iyọ̀, ìdá mẹ́rin ṣíbí tíì, bọ́tà, ṣíbí ìjẹun 4, mílíìkì inú agolo tí a fi omi là, ààbọ̀ ife.

Ẹni tí ó bá fẹ́ dín ìyẹ̀fun òkèèrè kù lè fi ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ dípò ìdá kan nínú ìdá márùn-ún rẹ̀. Ṣùgbọ́n kí ó jẹ́ ìyẹ̀fun ẹ̀gẹ́ tí a kò rẹ kí ó kan, irú èyí tí àwọn onímọ̀ ní ilé ìwádìí IITA ní Ìbàdàn àti FIIRO ní Òṣòdì ti ṣiṣẹ́ lé lórí fún ọ̀pọ̀ ọdún. Láfún kò bá a mu, nítorí kíkan rẹ̀ àti òórùn rẹ̀ yóò bo ti èso mọ́lẹ̀.

BÍ A TI Ń SE É

Ìkíní. Ẹ fi ọṣẹ fọ ọwọ́. Ẹ fi omi mímọ́ fọ èso kí ẹ tó bó o, nítorí ọ̀bẹ a máa gbé ìdọ̀tí ara èèpo wọ inú. Ẹ gé e ní ìbú ìka ọwọ́ kan.

Ìkejì. Ẹ kó ọ̀pẹ̀ òyìnbó, ṣúgà, atalẹ̀, iyọ̀ àti omi sínú abọ́ tánganran tí ó jìn díẹ̀, ẹ gbé e ka iná, kí ó hó fún ìṣẹ́jú 5. Lẹ́yìn náà ni kí ẹ da máńgòrò àti omi ọsàn wẹ́wẹ́ sí i, kí ó hó fún ìṣẹ́jú 5 mìíràn.

Ìkẹta. Ẹ fi omi tútù díẹ̀ po ṣíbí ìyẹ̀fun kan, ẹ dà á sí èso tí ń hó, kí ẹ sì máa rò ó títí yóò fi ki bí ẹ̀kọ mímu. Ẹ má ṣe da ìyẹ̀fun gbígbẹ sínú omi gbígbóná, yóò di kókó.

Ìkẹrin. Ẹ fi asẹ́ kù ife ìyẹ̀fun kan àti ààbọ̀ náà pẹ̀lú bẹ́kìn páúdà, ṣúgà àti iyọ̀. Ẹ fi orí ìka ra bọ́tà mọ́ ọn títí yóò fi dà bíi gàrí tí kò kúná. Kí bọ́tà náà tutù, kí ó má ti yọ́.

Ìkarùn-ún. Ẹ da mílíìkì sí i lẹ́ẹ̀kan náà, ẹ fi ṣíbí rò ó ní ìwọ̀nba ìgbà 12 sí 15, kí ẹ sì fi í sílẹ̀. Kí ó ki ju ẹ̀wà àkàrà tí a lọ̀ lọ, kí ó má sì le tó ìyẹ̀fun búrẹ́dì.

Ìkẹfà. Nígbà tí èso ṣì ń hó, ẹ fi ṣíbí da ìyẹ̀fun pípò náà lé e lórí ní òkìtì 8 tàbí 9. Ẹ fi àlàfo sílẹ̀ láàárín wọn kí ooru lè rí ọ̀nà jáde.

Ìkeje. Ẹ ti da yanrìn gbígbẹ mímọ́ sínú ìkòkò irin ńlá, kí ó ga tó ìka méjì, kí ẹ sì ti gbé e ka àdògán fún ìṣẹ́jú 15 kí ó gbóná. Ẹ gbé abọ́ náà lé orí yanrìn, ẹ dé ìkòkò náà pinpin, kí ẹ sì kó ẹyín iná lé ìdérí rẹ̀. Kí iná òkè pọ̀ ju ti ìsàlẹ̀ lọ: bí ẹyín èédú 8 bá wà nísàlẹ̀, kí nǹkan bíi 14 wà lókè.

Ìkẹjọ. Ẹ má ṣí i fún ìṣẹ́jú 30. Lẹ́yìn náà ẹ rọra gbé ìdérí, kí eérú má baà já sínú oúnjẹ. Bí ojú rẹ̀ bá ti pọ́n, ẹ ti ọ̀bẹ tín-ín-rín bọ àárín òkìtì kan. Bí ọ̀bẹ náà bá jáde láìlẹ̀, ó ti jinná. Bí ó bá lẹ̀, ẹ dé e fún ìṣẹ́jú 10 sí i. Ẹni tí ó bá ní ààrò gáàsì, kí ó fi ooru rẹ̀ sí 190°C fún ìṣẹ́jú 35.

Ìkẹsàn-án. Ẹ jẹ́ kí ó simi fún ìṣẹ́jú 20 kí ẹ tó bù ú. Omi èso tí ó ní ṣúgà a máa gbóná pẹ́, ó sì lè bó ahọ́n ọmọdé.

Ìkìlọ̀ kan wà tí a kò gbọdọ̀ fojú fò dá. Ìta gbangba ni kí a ti lo àdògán, tàbí abẹ́ àtíbàbà tí afẹ́fẹ́ ń gbà kọjá. Èédú tí ń jó a máa tú afẹ́fẹ́ olóró kan jáde tí kò ní òórùn, tí ojú kò sì lè rí. Afẹ́fẹ́ yìí ti pa ọ̀pọ̀ ènìyàn lójú oorun nínú yàrá tí a ti fèrèsé rẹ̀. Bí òjò bá dé, ó sàn kí kọ́bílà bàjẹ́ jù kí ẹ gbé iná wọ inú yàrá lọ.

ÌDÍ OHUN KỌ̀Ọ̀KAN

Ẹni tí ó mọ ìdí ohun tí ó ń ṣe kì í ṣìnà nígbà tí ohun èlò bá yí padà. Nítorí náà ẹ jẹ́ kí a wo ìdí náà.

Kí ni ìdí tí a fi ń da ìyẹ̀fun lé èso gbígbóná? Nítorí pé bí èso náà bá tutù, iná òkè yóò mú ojú ìyẹ̀fun pọ́n, ṣùgbọ́n abẹ́ rẹ̀ yóò wà ní tútù bí àmàlà tí kò jinná. Ooru èso ni ó ń se abẹ́ rẹ̀.

Kí ni ìdí tí a kò fi gbọdọ̀ rò ó púpọ̀? Ohun kan wà nínú àlìkámà tí ó máa ń fà bíi rọ́bà nígbà tí omi bá kàn án tí a sì ń pò ó. Alábúrẹ́dì ń wá fífà yìí, nítorí òun ni ó ń gbé búrẹ́dì dúró. Ṣùgbọ́n nínú kọ́bílà, ó ń sọ oúnjẹ di líle. Àwọn àgbà wa wí pé ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́, ohun tí a bá fi agbára mú ni ó ń nini lára. Bẹ́ẹ̀ gan-an li ìyẹ̀fun yìí rí.

Kí ni iṣẹ́ bẹ́kìn páúdà? Ohun kíkan àti ohun tí ó lòdì sí kíkan ni a jùmọ̀ lọ̀ pọ̀ nínú rẹ̀. Níwọ̀n ìgbà tí wọ́n bá gbẹ, wọn kì í bá ara wọn jà. Nígbà tí omi àti ooru bá dé, wọ́n a jùmọ̀ tú afẹ́fẹ́ jáde, afẹ́fẹ́ náà a sì gbé ìyẹ̀fun sókè. Nítorí náà ẹ má ṣe po ìyẹ̀fun sílẹ̀ kí ẹ tó lọ dá iná. Afẹ́fẹ́ rẹ̀ yóò ti lọ kí ó tó dé inú ìkòkò. Agolo rẹ̀ tí ó ti gba ọ̀rinrin kò wúlò mọ́: ẹ bu díẹ̀ sínú omi gbígbóná, bí kò bá hó ṣàṣà, ẹ ra òmíràn.

Kí ni ìdí tí iná òkè fi pọ̀ ju ti ìsàlẹ̀ lọ? Ooru a máa gòkè. Ẹyín iná tí ó wà lórí ìdérí kò lè rán púpọ̀ nínú ooru rẹ̀ sísàlẹ̀, nítorí náà ó gbọdọ̀ pọ̀. Yanrìn sì wà nísàlẹ̀ kí ṣúgà má baà jó mọ́ ìdí abọ́.

Ọ̀PỌ̀ ÀÀNFÀÀNÍ ÀTI ÌWỌ̀N RẸ̀

Máńgòrò tí ó pọ́n ní ohun tí ara ń sọ di fítámì A. Ohun yìí ni ó ń ṣọ́ ojú. Ọmọ tí kò bá rí i tó lè bẹ̀rẹ̀ sí í fọwọ́ tálẹ̀ kiri nígbà tí ilẹ̀ bá ṣú, àrùn a sì tètè máa kọlù ú. Ìdáná kò ba púpọ̀ jẹ́ nínú rẹ̀, ọ̀rá inú bọ́tà sì ń ran ara lọ́wọ́ láti gbà á.

Ti fítámì C kò rí bẹ́ẹ̀. Òun ni ó wà nínú ọsàn, gúáfà, ọ̀pẹ̀ òyìnbó àti máńgòrò, tí kì í jẹ́ kí eyín máa ṣẹ̀jẹ̀. Li ọdún 1747 dókítà ọkọ̀ ojú omi kan, James Lind, fi ọsàn àti ọsàn wẹ́wẹ́ ti ìlú òyìnbó wo àwọn atukọ̀ tí eyín wọn ń jẹrà, ara wọn sì yá ju ti àwọn tí ó fún ní oògùn mìíràn lọ. Ṣùgbọ́n iná a máa pa púpọ̀ nínú fítámì yìí. Nítorí náà, kọ́bílà kò lè gba ipò èso tútù. Kí ọmọ jẹ èso tútù lójoojúmọ́ bí ó bá ṣeé ṣe. Kọ́bílà wà fún èyí tí ì bá ti bàjẹ́.

Ẹ kíyèsí ṣúgà pẹ̀lú. Àjọ Ìlera Àgbáyé wí li ọdún 2015 pé ṣúgà tí a ń bù sí oúnjẹ kò gbọdọ̀ tó ìdá kan nínú ìdá mẹ́wàá agbára tí àgbàlagbà ń rí nínú oúnjẹ òòjọ́ rẹ̀, èyí tí ó jẹ́ nǹkan bíi gíráàmù 50. Ṣíbí ìjẹun 5 tí a kọ sókè yìí, bí a bá pín in fún ènìyàn 6, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ gíráàmù 10 fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Bí ẹnì kan bá ti mu ọtí ẹlẹ́rìndòdò ìgò kan ní ọ̀sán, ó ti gba ti òòjọ́ rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Bí máńgòrò yín bá dùn gidigidi, ẹ dín ṣúgà ìsàlẹ̀ kù sí ṣíbí 1. Kí ẹni tí ó ní àtọ̀gbẹ mọ̀ pé ìyẹ̀fun àti èso pàápàá a máa di ṣúgà nínú ara: ìwọ̀nba díẹ̀ ni kí ó jẹ, gẹ́gẹ́ bí dókítà rẹ̀ bá ti yọ̀ǹda.

Ọjọ́ tí a sè é ni kí a jẹ ẹ́. Èyí tí ó bá kù, bí ẹ̀rọ amómitutù bá wà, ó lè wà níbẹ̀ fún ọjọ́ 3, kí a sì mú un gbóná dáadáa kí a tó tún jẹ ẹ́. Bí kò bá sí, kí ó má ṣe sùn mọ́jú nínú ooru, nítorí mílíìkì wà nínú rẹ̀.

Ọ̀RỌ̀ FÚN OLÓKO ÀTI ẸNI TÍ Ó NÍ IGI

Iṣẹ́ ìkòkò yìí ní iṣẹ́ oko nínú. Li ọdún 2003 a rí eṣinṣin èso kan ní orílẹ̀-èdè Kenya tí ó ti Éṣíà wá. Láàárín ọdún díẹ̀ ó ti tàn ká Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà, ó sì di ọ̀tá ńlá fún máńgòrò. Eṣinṣin yìí a máa gún èso tí ó fẹ́ pọ́n, a sì yé ẹyin rẹ̀ sí abẹ́ awọ. Ẹyin náà a di ìdin, ìdin a jẹ inú èso, èso a já, ìdin a sì wọ inú ilẹ̀ lọ láti di eṣinṣin tuntun.

Nítorí náà, èso tí a fi sílẹ̀ lábẹ́ igi ni ilé ìtọ́jú àwọn ọmọ ọ̀tá. Kí olúkúlùkù máa ṣa èso tí ó já li òwúrọ̀ àti li alẹ́. Èyí tí ó dára, kí ó lọ sí ìkòkò. Èyí tí ó ní ìdin, kí a wa ihò tí ó jìn tó ẹsẹ̀ bàtà 2, kí a sin ín, kí a sì tẹ ilẹ̀ rẹ̀ mọ́lẹ̀. Tàbí kí a dì í pinpin sínú ọ̀rá dúdú, kí a gbé e sí oòrùn títí ìdin inú rẹ̀ yóò fi kú. Ẹ má ṣe dà á sí ààtàn gbangba. Bí ẹnì kan bá ṣe èyí tí aládùúgbò rẹ̀ kò sì ṣe é, eṣinṣin yóò fo odi wá. Ó dára kí àwọn tí ó ní igi ní àdúgbò kan náà fohùn ṣọ̀kan lórí rẹ̀ kí oṣù kẹta tó dé.

KÍ A RÁNTÍ

Ìyá ilé tí ó bá fẹ́ dán oúnjẹ yìí wò, kí ó yan ọjọ́ Sátidé tí ọwọ́ dẹ̀, kí ó sì pe ọmọkùnrin àti ọmọbìnrin rẹ̀ wá wò ó. Kí ọmọ kan bó èso, kí òmíràn kù ìyẹ̀fun, kí àgbà tí ó mọ iná ṣọ́ ẹyín èédú. Bí ti ìgbà kìíní bá jó ní ìdí, kí ó dín iná ìsàlẹ̀ kù. Bí òkè rẹ̀ bá funfun, kí ó fi iná kún ìdérí. Ìgbà kẹta kò ní pé kí ọwọ́ tó mọ̀ ọ́n.

Ẹni tí ó bá sì mọ̀ ọ́n dáadáa lè sè é tà ní ọjọ́ Ìkórè tàbí li ẹnu ọ̀nà ilé-iṣẹ́ ní àkókò oúnjẹ ọ̀sán, ní abọ́ kéékèèké. Èso tí ọjà kọ̀ ni yóò fi ṣe é. Kí ó ṣírò owó èédú, ìyẹ̀fun àti bọ́tà rẹ̀ kí ó tó fi iye lé e, kí ó má baà fi ẹ̀rín tà á ní àdánù.